Ata Inú Ìkòkò Ìyàwó Àbúrò Mi

Iná ni mo ti ń bá ṣiṣẹ́ láti kékeré. Wẹ́dà ni mí, ṣọ́ọ̀bù mi wà lẹ́bàá títì Ìdíròkò, kí ẹ tó dé Àtàn. Mo ti jó irin mọ́ ara táńkì tí epo ṣì kù nínú ẹ̀. Mo ti gun òrùlé ilé iṣẹ́ tó ga ju igi àgbọn lọ, ẹsẹ̀ mi ò gbọ̀n. Àmọ́ ọbẹ̀ kan wà tí wọ́n sè ní ẹ̀gbẹ́ ilé wa, ní ọ̀sán gangan, tí oòrùn ń ràn, tí ọkọ̀ àjàgbé ń fun fèrè ní títì. Ọbẹ̀ náà lé mi wọ yàrá. Àgbàlagbà bíi tèmi, tí mo ti ní ọmọ-ọmọ, ẹ̀rù ọbẹ̀ bà mí. Ẹ rẹ́rìn-ín o, ó tó bẹ́ẹ̀. Èmi fúnra mi ti rín in tán kí n tó sọ fún yín.

Àwa méjì ni ìyá wa bí, ọkùnrin méjì, èmi lẹ̀gbọ́n. Èmi fẹ́ràn iná, àbúrò mi fẹ́ràn òtútù. Inú yàrá yìnyín kan ní Ṣàngó ló ti kọ́kọ́ ṣiṣẹ́, níbi tí wọ́n ti ń ta ẹja inú páálí tí àwa ń pè ní òkú Èkó. Ẹnikẹ́ni tó bá wọ yàrá yẹn á sáré jáde, eyín á máa gbá eyín. Àbúrò mi á jókòó lórí páálí ẹja, á máa jẹ ẹ̀pà. Ìyá wa a máa bi í pé, “Ọjọ́ wo ni wọ́n máa ta ìwọ náà mọ́ ẹja?” Kò pẹ́ tí ọkọ̀ ojú omi fi gbé e lọ. Ó ń bá wọn ṣiṣẹ́ láti etíkun kan dé òmíràn, títí ó fi bọ́ sílẹ̀ ní Gíríńláǹdì, ilẹ̀ kan lókè téńté ayé tí yìnyín bò mọ́lẹ̀, láàárín àwọn èèyàn tí wọ́n ń pè ní Ìnúìtì. Ó fẹ́yàwó níbẹ̀, ó ra ọkọ̀ ẹja kékeré. Gbogbo ọjọ́ Jímọ̀ọ̀ ló máa ń pè wá lórí fóònù, á fi yìnyín hàn wá, Ìyá á ní kó lọ dé fìlà.

Lásìkò òjò tó kọjá, ìpè kan wọlé lọ́jọ́ tí kì í ṣe Jímọ̀ọ̀. Ìyàwó rẹ̀ ni. Ó ní ọkọ òun jáde lọ pẹja, wọ́n rí ọkọ̀ ẹja tó léfòó lójú omi, kò sí ẹnì kankan nínú ẹ̀. Wọ́n wá a títí, wọn ò rí i.

Mo wọlé lọ sọ fún Ìyá. Wọ́n gbọ́ mi tán, wọ́n ní, “Òkú ẹ̀ dà?”

Mo ní wọn ò rí i.

“Wọn ò rí òkú, ìwọ ti ń sọ pé ó kú. Ṣé iṣẹ́ wẹ́dà lo kọ́ ni àbí irọ́ pípa?”

Nígbà tí àwọn ààfáà dé láti kírun sí òkú tí kò sí nílẹ̀, Ìyá ti dúró de wọ́n lẹ́nu géètì. Wọ́n ní ẹni tó bá kírun òkú sí ọmọ àwọn tó wà láàyè, kó yáa kí i mọ́ àwọn náà, kó lè jẹ́ ẹ̀ẹ̀kan náà. Àwọn ààfáà wò mí. Èmi ń wo bàtà mi. Wọ́n yí padà.

Láti ọjọ́ yẹn ni Ìyá ti gbé àga síwájú fèrèsé tó kọjú sí géètì, wọn ò sì jẹun mọ́. Kọ́ọ̀bù ògì kan láàárọ̀, omi díẹ̀ ní ìrọ̀lẹ́, ó parí. Ní ilé ìwòsàn, wọ́n ní àìsàn kankan ò ṣe wọ́n àfi ebi. Ìyàwó mi ti lọ tọ́jú ọmọ wa tó bímọ, èmi nìkan ni mo wà nílé pẹ̀lú Ìyá, èmi ni mo ń dáná. Ẹ jẹ́ kí n sọ àṣà ìyá wa kan fún yín. Láti kékeré wa, kò sí alẹ́ tí wọn ò ní ṣẹ́ oúnjẹ kù sí ìdí ìkòkò de ẹni tí kò tíì wọlé. A kì í fọ ìkòkò nílé wa títí gbogbo orí á fi pé. Wọ́n ní ẹni tó bá fọ ìkòkò ṣáájú àkókò, ó ti ní kí ẹnì kan má padà wá mọ́. Nísinsìnyí, tí mo bá gbé oúnjẹ síwájú Ìyá, wọ́n á ní kí n dà á padà sí ìdí ìkòkò de àbúrò mi. Tó bá di àárọ̀, èmi á jẹ ẹ́, kó má baà bàjẹ́. Mo ń sanra, Ìyá ń gbẹ. Lọ́jọ́ kan mo gbé wọn láti orí ẹní sórí bẹ́ẹ̀dì, ó dà bíi pé agbọ̀n òfìfo ni mo gbé.

Inú ọyẹ́ ni ìyàwó àbúrò mi dé. Òyìnbó ni mo ń retí. Ẹni tó sọ̀ kalẹ̀ nínú takisí kì í ṣe òyìnbó, kì í ṣe dúdú. Ó kúrú, irun rẹ̀ dúdú bí ọ̀dà, ojú rẹ̀ tẹ́ẹ́rẹ́ bí ojú ẹni tó ti ń wo oòrùn lórí omi látọjọ́ pípẹ́. Ó rìn tààrà lọ bá Ìyá, ó kúnlẹ̀. Orúnkún méjèèjì! “Ẹ kú ilé, Màámi.”

Ìyá wò ó. “Ṣé o mú ọkọ rẹ bọ̀?”

Ó gbọ́ ọ. “Rárá, Màámi.”

Ìyá yí ojú padà sí géètì.

Gẹ̀ẹ́sì tèmi kò ju ti ilé ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ lọ, tiẹ̀ náà ò pọ̀. Yorùbá tó gbọ́ jẹ́ èyí tí ọkọ ń kọ́ ìyàwó nínú ilé: “wá jẹun”, “ó tó”, “jọ̀ọ́”, “èmi kọ́”. A ń fi ọwọ́ kún un, ọ̀rọ̀ ń yé wa. Ohun tí kò yé mi ni ẹsẹ̀ rẹ̀. Ìbọ̀sẹ̀ ló ń wọ̀ káàkiri inú ilé, ẹ ò ní gbọ́ ìrìn rẹ̀. Màá máa bu omi nínú ilé ìdáná, màá yíjú, ó ti dúró sẹ́yìn mi. Ife méjì ni mo fọ́ lọ́jọ́ mẹ́ta. Gbogbo ìtàn tí wọ́n sọ fún mi ní kékeré nípa obìnrin tó bọ́ awọ ẹran sílẹ̀ nínú igbó kó tó tẹ̀ lé ọdẹ wálé bẹ̀rẹ̀ sí í padà wá. Mo lọ yẹ báàgì rẹ̀ wò láti ìta, kí ojú má tì mí, bóyá màá rí irun tó yọ jáde. Kò sí nǹkan kan. Sípù ni mo rí.

Lọ́jọ́ kẹrin, ó ní òun fẹ́ se oúnjẹ tí ọkọ òun máa ń jẹ lọ́hùn-ún fún Màámi. Ó pe orúkọ rẹ̀, súáásàt. Ọbẹ̀ ẹran ni, ẹran tí wọ́n bá pa nínú òkun tàbí lórí yìnyín, wọ́n á fi egungun rẹ̀ sè é.

Mo sọ fún Ìyá. Wọ́n wá ní, “Ohun tí ọmọ mi ń jẹ níbẹ̀, màá tọ́ ọ wò. Ẹ̀ẹ̀kan. Tí kò bá wọ̀ mí lọ́fun, kí ẹnikẹ́ni má ṣe gbé abọ́ wá síwájú mi mọ́ nínú ilé yìí.”

Ẹ ò mọ ìyá wa. Tí wọ́n bá ti sọ ọ̀rọ̀ báyìí, ó ti di èdìdì.

Ẹran òkun kò sí ní Ọ̀tà. Ó ní ẹran igbó náà máa ṣe é, ṣùgbọ́n òun fẹ́ fojú ara òun rí i. Bí a ṣe gun ọ̀kadà nìyẹn, èmi, òun àti ọlọ́kadà lórí ọ̀kan, a gba ọ̀nà eléruku lọ sí Ìgbẹsà. Ọdẹ kan máa ń ta ẹran lábẹ́ igi kan níbẹ̀, kọjá ògiri ilé iṣẹ́ tuntun kan. A bá ẹtu kan lórí tábìlì rẹ̀.

“Ẹ káàbọ̀, Bàbá,” ni ọdẹ wí. “Ti òwúrọ̀ yìí ni. Pàkúté ló mú un, láàyè ni mo bá a, mo ṣe bísímílà kí n tó dúńbú ẹ. Ẹ wo ọrùn ẹ̀.”

Mo wo ọrùn ẹ̀. Ọ̀bẹ ti là á láti ìhà kan dé ìkejì.

Ìyàwó àbúrò mi ní òun fẹ́ omi. Mo rò pé òǹgbẹ ni, mo yọ pọ̀ọ̀ wọ́tà kan fún un. Ó fi eyín já etí ọ̀rá náà bí gbogbo wa ṣe ń já a. Dípò kó mu ún, ó kúnlẹ̀ sínú eruku, ó gbé orí ẹtu náà lé ọwọ́, ó la ẹnu rẹ̀, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í da omi sí i díẹ̀díẹ̀. Ètè rẹ̀ ń mì, àmọ́ a ò gbọ́ ohun tó ń sọ.

“Háà! Bàbá, kí ni ìyàwó yín mu jáde nílé? Òkú ẹran ló ń fún lómi yẹn?”

“Ìyàwó àbúrò mi ni.”

“Kí àbúrò yín tètè wá mú un o! Ẹran tí mo ti dúńbú! Ibo ni omi yẹn fẹ́ gbà lọ? Ọrùn ló máa gbà jáde. Ẹ máa wò ó.”

Gbogbo wa bẹ̀rẹ̀, èmi, ọdẹ, ọlọ́kadà, a ń wo ojú ọgbẹ́ náà. Omi ń lọ. Ó ku ìdajì ọ̀rá. Ó ku díẹ̀. Ó tán. Kò sí ẹ̀kán omi kan tó gba ọrùn jáde. Mo wo ilẹ̀ lábẹ́ tábìlì, eruku gbẹ furúfurú. Ọdẹ kò rẹ́rìn-ín mọ́. Ó mú ọ̀bẹ rẹ̀ kúrò lórí tábìlì, ó fi sẹ́yìn. Ẹ̀jẹ̀ ti dì sí i lọ́fun ni, ohun tí mo sọ fún ara mi nìyẹn, mo sì ń sọ ọ́ láti ẹ̀yìn ọ̀kadà, nítorí ibẹ̀ ni ẹsẹ̀ mi ti gbé mi dé kí n tó mọ̀.

Bí a ṣe ń padà bọ̀, ẹran wà lórí táńkì níwájú ọlọ́kadà. “Bàbá,” ló wí, “ẹ bá mi sọ fún wọn o. Tí ẹran yìí bá jí lójú ọ̀nà, èmi ò dúró. Ẹ̀yin náà ẹ wá ọkọ̀ yín.”

Ìyàwó àbúrò mi ṣàlàyé fún mi nígbà tó ń gé ẹran. Ó ní ẹran kan wà lọ́dọ̀ wọn tó ń gbé inú òkun, inú omi iyọ̀ ló ń gbé títí ayé rẹ̀, nítorí náà òǹgbẹ máa ń gbẹ ẹ́. Ọdẹ tó bá pa á gbọ́dọ̀ fún un lómi tí kò níyọ̀ mu. Ẹ̀mí ẹran náà á padà lọ ròyìn fáwọn yòókù pé, ilé yìí, wọ́n tọ́jú mi. Ó ní ọkọ òun kì í gbàgbé láé. Ó máa ń sọ pé nílé ìyá òun náà, omi ni wọ́n kọ́kọ́ ń gbé fún àlejò.

Ó gé egungun kan. Ó wá sọ èyí tí mo ṣì ń gbọ́ títí di òní. “Inú omi iyọ̀ ni òun náà wà báyìí, Bọ̀dá mi. Ta ló fún un lómi?”

Mo ní mò ń lọ wá igi.

Ẹ̀gbẹ́ ilé, lábẹ́ fèrèsé Ìyá, la dáná sí. Ó da ẹran sínú omi tútù pẹ̀lú egungun ẹ̀, ó da iyọ̀ sí i, ó jẹ́ kó hó, ó fi ṣíbí kó ìfófòó rẹ̀ dànù. Ó gé àlùbọ́sà, ó gé ọ̀dùnkún òyìnbó, ó bu ìrẹsì ẹ̀kúnwọ́ méjì sí i kó lè ki, ó ju ewé gbígbẹ méjì tó mú wá láti ọ̀hún sí i. Mo ń dúró. Mo ń retí epo, mo ń retí ata, irú, mágì. Ó bo ìkòkò. Ó parí.

Ọbẹ̀ tiwa a máa kéde ara rẹ̀. Tí ata bá ti ń dín, ará ilé kẹta á sín. Èyí kò kéde nǹkan kan. Ó ń hó kùṣùkùṣù bí ẹni tó ń bá ara rẹ̀ sọ̀rọ̀. Nígbà tí òórùn rẹ̀ máa jáde, òórùn òkun ni. Mo fi Ọlọ́run búra, ẹtu igbó Ìgbẹsà, àlùbọ́sà ọjà Ṣàngó, òórùn òkun! Ológbò mẹ́ta tó máa ń bá ara wọn jà lórí fẹ́ǹsì wa jókòó tò, wọn ò ké, wọn ò jà, wọ́n kàn ń wo ìkòkò bí àwọn tó wá bá wa kẹ́dùn. Ó gbé abọ́ jáde. Mo ka abọ́, mẹ́rin ni. Àwa mẹ́ta ló wà nílé.

“Ta ló ni ìkẹrin?”

Ó wò mí bíi pé èmi ni kò gbọ́n. “Tiẹ̀ ni.” Ó ní láti ọjọ́ tí ọkọ̀ ti padà láìsí i, òun ò tíì se oúnjẹ kí òun má bu tiẹ̀.

Ìgbà yẹn gan-an ni mo wọ yàrá lọ, mo ti ilẹ̀kùn. Mo jókòó lórí bẹ́ẹ̀dì. Wẹ́dà! Mo ń sọ fún ara mi pé mo fẹ́ wá fìlà mi. Fìlà wà lórí mi.

Nínú yàrá yẹn ni mo ti ronú ọ̀rọ̀ ata. Ìyá wa kò jẹ ohun tí kò lata rí. Ẹ̀mí tí kò bá jata, ẹ̀mí yẹpẹrẹ ni, gbogbo ọjọ́ ni wọ́n ń sọ ọ́. Ẹ̀ẹ̀kan péré ni wọ́n sì ní àwọn máa tọ́ ọ wò. Tí omi iyọ̀ funfun yẹn bá kan ahọ́n wọn, wọ́n á tu ú, èdìdì ti dì, ìyá mi á kú sórí àga lójú mi. Kí n má parọ́, ìdí kejì wà: ó ń ṣe mí bíi pé ìkòkò tí kò ní ata, oúnjẹ àwọn tí kò sí mọ́ ni, ata díẹ̀ á lé wọn padà. Mo mú odindi ata rodo kan nínú ilé ìdáná, pupa fòò. Mi ò gé e, mi ò tẹ̀ ẹ́. Gbogbo ẹni tó ti dáná rí mọ̀ pé odindi ata tí kò bẹ́ kì í ta, òórùn lásán ló ń fún ọbẹ̀. Òórùn yẹn ni mo fẹ́, kí ọ̀fun Ìyá lè mọ̀nà. Màá yọ ọ́ kí ìyàwó àbúrò mi tó rí i. Nígbà tó wọlé lọ mú ṣíbí, mo ṣí ìkòkò, mo jù ú sí i, mo sì bo ìkòkò padà. Ológbò mẹ́tẹ̀ẹ̀ta wò mí.

Àyè àtiyọ ọ́ kò sí. Ó jókòó ti ìkòkò, kò dìde mọ́.

Nígbà tó jinná, ó bu díẹ̀ sí àtẹ́lẹwọ́, ó lá a. Ó dúró bẹ́ẹ̀, ọwọ́ lẹ́nu. Ojú rẹ̀ pọ́n. Ó wúkọ́. Ó bù ú lẹ́ẹ̀kejì, ó lá a, ó sì gbé ojú sókè. Kò wò mí rárá. Géètì ló ń wò.

“Bọ̀dá mi,” ohùn rẹ̀ kéré, “ó lata.”

Mo ní, “Ṣé… ṣé ó pọ̀ ni?”

Ó bẹ̀rẹ̀ sí í sọ̀rọ̀, Gẹ̀ẹ́sì, èdè tiwọn, ìdajì Yorùbá. Mo ń kó o jọ díẹ̀díẹ̀, mo ń tún un sọ sókè ní Yorùbá kó lè dá mi lójú. Ó ní lọ́hùn-ún, gbogbo ìgbà tí òun bá ń sè é, tí òun bá ti yíjú, ọkọ òun á ju ata sí i. Ibi tó ti ń rí ata nínú yìnyín, òun ò mọ̀. Òun á tọ́ ọ wò, ẹnu òun á máa jó, òun á ní, ta ló ṣe é? Á ṣe ojú bíi ti ọmọ ọwọ́, á ní, “Èmi kọ́.” Àwọn á jà, àwọn á rẹ́rìn-ín. Ó ní ata yìí, bó ṣe ń ta nìyẹn. Láti ìdí ahọ́n ló ti ń bẹ̀rẹ̀.

Mo ya ẹnu láti sọ pé èmi ni. Bí Ọlọ́run ṣe wà, ọ̀rọ̀ náà ti dé eyín iwájú. Ìgbà náà la gbọ́ ìró ọ̀pá. Ìyá, tí a ń gbé lọ gbé bọ̀, ti dìde nídìí fèrèsé fúnra wọn, wọ́n ti gba ẹnu ọ̀nà jáde, wọ́n dúró sínú oòrùn.

“Mo gbọ́ gbogbo ẹ̀,” ni wọ́n wí. “Bu ú wá.”

Ó bù ú. Ìyá jókòó sórí àpótí. Wọ́n mu omi ọbẹ̀ náà, wọ́n pa ojú dé. Mo ń wo ọ̀fun wọn. Ọ̀fun náà lọ sókè, ó padà sílẹ̀. Wọ́n tún mu ún. Ikun bẹ̀rẹ̀ sí í yọ ní imú wọn, wọ́n fi etí ìborùn nù ún. Èmi náà bu díẹ̀ tọ́ wò. Ẹ̀yin èèyàn, ó ta. Ó ta dé etí.

“Mo mọ ọwọ́ tó ju ata yìí sí i,” ni Ìyá wí. “Láti kékeré ló ti ń ṣe é sí ẹ̀wà mi. Mo bá a wí títí, kò gbọ́.” Wọ́n já ẹran lára egungun, wọ́n jẹ ẹ́, wọ́n gbé e mì. “Ọmọ mi ti wá.”

Mo ní, “Màámi—”

“Dákẹ́. Ó ti kú. Ẹni tó wà láàyè, géètì ló máa gbà wọlé, kì í gba inú ìkòkò.”

Wọ́n jẹ abọ́ náà tán. Omijé ń ṣàn, wọn ò sì dá ṣíbí dúró. Ẹ wá gbà mí nímọ̀ràn o, ẹ̀yin tẹ́ ẹ gbọ́n. Ṣé kí n jẹ́wọ́? Tí mo bá ní èmi ni, ọmọ wọn á padà di ẹni tí kò tíì dé, abọ́ á di ohun tí a gbé sílẹ̀, àga á padà sídìí fèrèsé. Mo dákẹ́. Títí di bí mo ṣe ń kọ ọ́ yìí, mi ò sọ fún ẹnì kankan.

Ìyàwó àbúrò mi ti bu abọ́ kẹrin, ó gbé e sí ẹ̀gbẹ́ tiwa. Ìyá wo abọ́ náà, wọ́n fi ọ̀pá tọ́ka sí mi. “Kí lò ń wò? Bu omi tútù fún àbúrò rẹ. O ò rí i pé ata ti ta á?” Mo bu omi sínú ife, mo gbé e ti abọ́ náà. Ìyàwó àbúrò mi bo ojú. Ìgbà àkọ́kọ́ nìyẹn tí mo gbọ́ igbe rẹ̀, igbe náà sì dún bí igbe èèyàn, bí igbe obìnrin èyíkéyìí ní àdúgbò wa tí ọkọ rẹ̀ kú. Ojú tì mí nítorí sípù tí mo lọ wò.

“Lọ sọ fún àwọn ààfáà,” ni Ìyá wí, “kí wọ́n wá kírun sí ọmọ mi.” Wọ́n gbára lé ọ̀pá, wọ́n dìde. Wọ́n wá sọ èyí tí mi ò gbọ́ lẹ́nu wọn rí láti ìgbà tí ìpè yẹn ti wọlé. “Kó o sì fọ ìkòkò.”

Àwọn méjèèjì wọlé. Mo gbé ìkòkò lọ sídìí kànga. Mo yí i dà láti da egungun nù, ata mi sì yọ jáde láàárín ìrẹsì. Mo mú un. Ó rọ̀, àmọ́ kò bẹ́. Mo yí i sókè, mo yí i sísàlẹ̀, mo gbé e sójú oòrùn. Awọ rẹ̀ kò là níbì kankan. Èso rẹ̀ ṣì wà nínú ẹ̀ pátá. Mo tún fi ọwọ́ ro ìdí ìkòkò, bóyá òmíràn wà níbẹ̀ tó ti fọ́. Egungun, ìrẹsì, ewé méjì.

Mo ní bóyá ó ti tú oró ẹ̀ jáde láti ibi ìdí, bí wọ́n ṣe ń wí. Ọ̀nà kan ló wà láti mọ̀. Mo jù ú sẹ́nu, mo gé e.

Oró rẹ̀ pé, kò sí èyí tó bá ọbẹ̀ lọ. Ó ta mí láti ìdí ahọ́n dé àárín orí. Mo di ẹnu kànga mú. Láti ọjọ́ tí ìpè yẹn ti wọlé, mi ò tíì sunkún. Ìyá ní kò kú, báwo ni mo ṣe máa sunkún ẹni tí kò kú nínú ilé ẹni tó ní kò kú? Mo bẹ̀rẹ̀ mọ́ kànga, ó ń jáde lójú, ó ń jáde nímú, èjìká mi ń gbọ̀n, mi ò lè dá a dúró.

Ohùn Ìyá gba fèrèsé jáde. “Ta ló ń sunkún níbẹ̀ yẹn?”

Mo nu ojú. “Èmi kọ́,” mo wí.